Ìnàkí Tó Dé Àṣíborí Irin

(Ọ̀rọ̀ tí mo bá àwọn olólùfẹ́ fíìmù sọ kí a tó jọ wo Robot Monster)

Ẹ̀yin àgbà mi, ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbé kámẹ́rà, ẹ kú ìjókòó. Mo mọ̀ pé fíìmù lẹ wá wò, kì í ṣe ẹnu mi lẹ wá gbọ́. Ṣùgbọ́n mo bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n má tíì paná, torí pé ẹni tó bá wo fíìmù yìí láìgbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀ sí àwọn tó ṣe é, ẹ̀rín nìkan ni yóò bá níbẹ̀. Ẹ̀rín náà kò burú. Èmi náà rẹ́rìn-ín nígbà àkọ́kọ́. Ìgbà tí mo wò ó lẹ́ẹ̀kejì ni ẹ̀rín náà gbẹ lẹ́nu mi.

Ọdún 1953 ló jáde ní Amẹ́ríkà. Ẹ̀dá kan tó ń jẹ́ Ro-Man wá láti ojú ọ̀run, ó fi ìtànṣán ikú pa gbogbo ọmọ aráyé, ó ku ẹni mẹ́jọ. Ọ̀jọ̀gbọ́n kan, ìyàwó rẹ̀, àwọn ọmọ wọn mẹ́ta àti ọ̀dọ́mọkùnrin tó ń bá ọ̀jọ̀gbọ́n náà ṣiṣẹ́ wà nínú wọn. Oògùn tí bàbá ṣe ni kò jẹ́ kí ìtànṣán náà ràn wọ́n. Ro-Man gbọ́dọ̀ wá wọn kàn, kó fọwọ́ ara rẹ̀ pa wọ́n. Ẹ rántí pé oṣù kọkànlá ọdún 1952 ni Amẹ́ríkà kọ́kọ́ dán bọ́ǹbù háídírójìn wò. Ẹni tó ra tíkẹ́ẹ̀tì lọ́dún tó tẹ̀ lé e kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé fún un bí gbogbo ayé ṣe lè jóná lọ́sàn-án ọjọ́ kan.

Ẹ wá wo Ro-Man fúnra rẹ̀. Ara ìnàkí ni, irun bò ó láti ọrùn dé ẹsẹ̀, ikùn rẹ̀ yọ síwájú. Orí rẹ̀ ńkọ́? Àṣíborí irin ni, irú èyí tí àwọn tó ń wọ ìsàlẹ̀ òkun máa ń dé, tí wọ́n fi wáyà méjì sí lórí bíi ti tẹlifíṣọ̀n àtijọ́. Orúkọ fíìmù sọ pé rọ́bọ́ọ̀tì ni, ojú wa sì ń rí ìnàkí.

Ohun tó fà á rèé. Phil Tucker ló darí fíìmù náà, òun náà ló ṣètò rẹ̀, kò sì tíì pé ọmọ ọdún 26 nígbà tí wọ́n ń yà á. Rọ́bọ́ọ̀tì ló fẹ́ lóòótọ́. Ó bá àwọn tó ní ẹ̀wù rọ́bọ́ọ̀tì sọ̀rọ̀, iye tí wọ́n pè kọjá agbára rẹ̀. Ó wá rántí George Barrows. Iṣẹ́ Barrows ni kó wọ ẹ̀wù ìnàkí. Òun ló ni ẹ̀wù náà, bí iléeṣẹ́ kan bá sì nílò ìnàkí nínú fíìmù, òun ni wọ́n ń pè, ní nǹkan bíi dọ́là 40 lójúmọ́. Tucker mọ̀ pé Barrows yóò bá òun ṣe é láìgba owó. Ó ku orí. Ó wá àṣíborí, ó gbé e kà á lórí, ó ní yóò ṣiṣẹ́.

Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà sí ìtòsí ọ̀jẹ̀ mọ̀ pé kò sí àgbà tí kò mọ ohun tó wà lábẹ́ ẹ̀kú. Síbẹ̀, bí egúngún bá yọ, a ó sá, a ó sì kúnlẹ̀ gba àdúrà. Aṣọ nìkan kọ́ ló ń ṣe é, bí ẹni tó wọ̀ ọ́ ṣe ń rìn wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Nítorí náà, lálẹ́ òní, mo fẹ́ kí ẹ fi àṣíborí yẹn sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú mélòó kan, kí ẹ wo ẹsẹ̀ Barrows. Ẹ wo bó ṣe ń gun òkè olókùúta, bó ṣe ń fẹsẹ̀ wá ilẹ̀ kó tó tẹ̀ ẹ́, tí oòrùn ń pa á nínú irun yẹn, tó tún gbé ọmọbìnrin sọ́wọ́. Òun kan náà ló tún ṣe ọ̀gá Ro-Man, ẹni tó ń pàṣẹ fún un lójú ẹ̀rọ. Ọkùnrin kan ń bú ara rẹ̀, ó tún ń fèsì fún ara rẹ̀.

Ọjọ́ mẹ́rin péré ni wọ́n fi ya gbogbo rẹ̀. Owó tí wọ́n sábà máa ń dárúkọ ni dọ́là 16,000. Ibi tí wọ́n lò ni Bronson Canyon, nínú ọgbà ńlá Griffith Park ní Los Angeles. Wọ́n ti ń fọ́ òkúta níbẹ̀ nígbà kan rí láti fi ṣe títì ìlú, ihò tí ẹ ó rí kì í sì í ṣe iṣẹ́ Ọlọ́run, àwọn òṣìṣẹ́ ló gbẹ́ ẹ. Ibi tí owó kò dé, àwòrán àtijọ́ ni Tucker fi dí i. Ìjà àwọn ẹranko abàmì tó máa já lù yín lójijì wá láti inú One Million B.C., fíìmù ọdún 1940: ọ̀nì kan tí wọ́n lẹ lẹbẹ mọ́ lẹ́yìn, àti alángbá ńlá kan. Ẹranko gidi ni wọ́n, wọ́n sì jà lóòótọ́. Apá yẹn kò dùn mọ́ mi nínú, n kò sì ní gbèjà rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ìfófò ọṣẹ, mo fẹ́ gbèjà ìyẹn gidigidi. Ẹ ó rí tábìlì onígi kan lẹ́nu ihò, rédíò wà lórí rẹ̀, ẹ̀rọ kan sì ń fẹ́ ìfófò jáde bí èyí tí àwọn ọmọdé ń fi ṣeré. Wọ́n tilẹ̀ kọ orúkọ iléeṣẹ́ tó ṣe ẹ̀rọ náà sí ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù. Ọ̀pọ̀ ọdún ni àwọn ènìyàn ti ń bèèrè pé kí ni ìfófò ń wá lọ́dọ̀ apààyàn tó wá láti ojú ọ̀run. Ìdáhùn mi ni pé ojú kan ni wọ́n fi ń wò ó.

Fíìmù 3D ni Robot Monster, irú èyí tí ojú méjèèjì ń rí àwòrán ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, tí nǹkan á sì dà bíi pé ó ń jáde bọ̀ wá bá ẹni tó ń wò. Ní ìparí 1952 ni Bwana Devil jáde tó sì fa èrò wọlé bí omi, kíá ni gbogbo Hollywood ń sáré wá kámẹ́rà olójú méjì. Tucker fi owó táṣẹ́rẹ́ yẹn ṣe ohun tí àwọn iléeṣẹ́ ńlá ń ná òbítíbitì lé lórí. Ní sinimá ìgbà náà, ẹ̀rọ méjì ló ní láti máa ju àwòrán sójú aṣọ lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ọ̀kan bá fi díẹ̀ ṣíwájú ìkejì, orí á máa fọ́ àwọn tó ń wò. Nígbà tí 3D kógbá wọlé, ẹ̀dà olójú kan ló kù tí wọ́n ń fi hàn lórí tẹlifíṣọ̀n, ìyẹn náà sì ni àwọn tó pè é ní fíìmù tó burú jù láyé wò. Nígbà tí 3-D Film Archive tún un ṣe, tí wọ́n sì gbé e jáde bó ṣe wà tẹ́lẹ̀ lọ́dún 2023, mo wá rí i pé ìfófò wọ̀nyẹn ń léfòó jáde kúrò lójú aṣọ, wọ́n ń bọ̀ lọ́dọ̀ mi, inú ihò náà sì jìn lẹ́yìn wọn. Mo na ọwọ́. N kò tijú láti sọ ọ́.

Gbogbo alángbá ló dakùn délẹ̀, a kò mọ èyí tí inú ń run. Orin tí ẹ ó gbọ́, Elmer Bernstein ló kọ ọ́, ẹni tó kọ orin The Ten Commandments lọ́dún 1956, tó sì gba Oscar lẹ́yìn ìgbà yẹn. Kí ni irú ẹni bẹ́ẹ̀ ń wá níbẹ̀? Ìgbà tí ìjọba àti àwọn iléeṣẹ́ ń ṣọdẹ àwọn tí wọ́n fura sí pé wọ́n fẹ́ràn kọ́múníìsì ni, àwọn iléeṣẹ́ ńlá sì ti dẹ́kun pípè é. Selena Royle tó ṣe ìyá ilé náà ti jẹ́ òṣèré MGM, ọ̀kan lára àwọn iléeṣẹ́ fíìmù ńlá. Wọ́n tẹ orúkọ rẹ̀ sínú ìwé àwọn afurasí, ó kọ̀ láti fara hàn níwájú ìgbìmọ̀ àwọn aṣòfin, iṣẹ́ sì dá lọ́wọ́ rẹ̀. Ilé alápá kan ni ìdílé inú fíìmù náà sá sí, kí ẹni tó ń wá wọn má bàa rí wọn. Mi ò lè wo obìnrin yẹn nínú ilé náà mọ́ kí n má rántí ìgbé ayé òun fúnra rẹ̀. Ẹ tẹ́tí sí orin Bernstein pẹ̀lú. Kò fi fíìmù náà ṣe yẹ̀yẹ́ níbì kankan. Ó kọrin fún ìnàkí yẹn bí ẹni ń kọrin fún ọba tó ń ṣọ̀fọ̀.

Tucker ńkọ́? Wọ́n ní fíìmù náà pa owó tó lé ní mílíọ̀nù kan dọ́là. Ìjà ti wà láàárín òun àti àwọn tó ń pín in káàkiri. Ní oṣù kejìlá ọdún 1953, ó gbìyànjú láti gba ẹ̀mí ara rẹ̀ ní hòtẹ́ẹ̀lì kan ní Hollywood. Wọ́n bá a láàyè, a dúpẹ́. Àwọn ènìyàn fẹ́ràn láti máa sọ pé èébú àwọn alárìíwísí ló fà á. Nínú lẹ́tà tó kọ sílẹ̀, àìríṣẹ́ ló ń sọ: wọn kò tilẹ̀ gbà á síṣẹ́ ẹni tó ń fi ìjókòó han èrò nínú sinimá. Ó gbé ọgbọ̀n ọdún àti díẹ̀ sí i, ó di ẹni tó ń to fíìmù. Orúkọ rẹ̀ wà nínú The Nude Bomb ti 1980. Títí dé òpin ló ń sọ pé kò sí ẹlòmíì tó lè fi owó kékeré bẹ́ẹ̀ ṣe ju ohun tí òun ṣe lọ. Èmi gbà á gbọ́.

Ohun kan ṣoṣo ló kù. Nígbà tó bá yá, ọ̀gá Ro-Man máa pàṣẹ pé kó pa Alice, ọmọbìnrin ọ̀jọ̀gbọ́n, ọkàn Ro-Man sì ti fà sí i. Ó máa dúró lórí òkúta, òun nìkan, á máa bi ara rẹ̀ pé níbo gan-an ni “mo gbọ́dọ̀” àti “n kò lè ṣe é” ti pàdé. Gbọ̀ngàn sábà máa ń pariwo ẹ̀rín níbẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká gbọ́ ohun tó ń sọ.

Gíláàsì pépà wà lábẹ́ àga yín, ojú kan pupa, ojú kejì búlúù. Ẹni tó bá ti ń lo gíláàsì tẹ́lẹ̀, kó wọ ti pépà lé e lórí. Bàbá tó wà nídìí ẹ̀rọ, ẹ ṣeun, ẹ lè paná báyìí.