Kí Ló Dé Tí Wọ́n Fi Ń Pe Ẹlẹ́rìí Padà Sílé-Ẹjọ́?

Ẹ kú ìjókòó, ẹ̀yin olùwòran wa. Bí ẹlẹ́rìí bá ti jẹ́rìí tán nínú ẹjọ́ ọ̀daràn, tí lọ́yà ìhà kejì ti da ìbéèrè bò ó, tó ti sọ̀ kalẹ̀ nínú àpótí ìjẹ́rìí, ṣé wọ́n ṣì lè ní kó padà wá?

Wọ́n lè ní kó wá. Ẹ jẹ́ ká ní ẹlẹ́rìí kan sọ pé iná òpópónà lòun fi dá ojú olè mọ̀ lóru. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, àkọsílẹ̀ kan jáde: iná yẹn kò tàn lóru ọjọ́ náà rárá. Lọ́yà olùjẹ́jọ́ kò rí ìwé yìí nígbà tó ń bi í léèrè. Ó yẹ kí ẹlẹ́rìí padà wá fẹnu ara rẹ̀ ṣàlàyé. Bóyá iná ọkọ̀ ló fi ríran. Bóyá kò sì rí ẹnikẹ́ni.

Ní Íńdíà, abala 311 nínú òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti ọdún 1973 ló ń darí ọ̀rọ̀ yìí tẹ́lẹ̀. Láti oṣù Keje ọdún 2024, ó ti di abala 348 nínú òfin tuntun. Adájọ́ lè pe ẹlẹ́rìí padà nígbàkígbà tí ìgbẹ́jọ́ bá ṣì ń lọ. Ṣùgbọ́n tí ẹ̀rí onítọ̀hún bá ṣe kókó fún ìdájọ́ òdodo, ó di dandan kó pè é.

Ọ̀nà yìí kan náà làwọn tó fẹ́ kí ẹjọ́ falẹ̀ ń gbà. Lọ́dún 2015, ọkùnrin kan tó ń jẹ́jọ́ ìfipábánilòpọ̀ ní Delhi gba lọ́yà tuntun, ó sì ní kí wọ́n pe àwọn ẹlẹ́rìí padà. Ilé-ẹjọ́ gíga Delhi gbà fún un: ẹlẹ́rìí 13, títí kan obìnrin tí wọ́n hu ìwà náà sí. Lóṣù Kẹsàn-án, ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ wọ́gi lé e, wọ́n ní pé èèyàn pààrọ̀ lọ́yà nìkan kò tó ìdí. Tọkàntọkàn ni mo fi fara mọ́ wọn. Obìnrin yẹn ti sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan níwájú ẹni tó fẹ̀sùn kàn. Ẹni tó bá ní kó tún un sọ gbọ́dọ̀ fi ohun tuntun tó fẹ́ bi í hàn.

Ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn wá ńkọ́? Ìwé ni wọ́n máa ń kà níbẹ̀. “Mi ò rántí”: ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré lórí ìwé. Ìwé kò sọ bóyá kíá ló dáhùn, tàbí ó dákẹ́ títí, tó ń wojú ẹnì kan lẹ́yìn kó tó la ẹnu. Adájọ́ tó kọ́kọ́ gbọ́ ẹjọ́ ló rí gbogbo ìyẹn. Ìdí nìyí tí àwọn ti òkè kì í fi í yára yí èrò rẹ̀ padà lórí ẹni tó ń sọ òtítọ́, àfi tí èrò náà kò bá ní ẹsẹ̀ nílẹ̀ nínú ẹ̀rí, tàbí tó ṣi òfin lò.

Ní Moldova, wọ́n dá ọ̀gá ilé-ìwé kan láre lórí ẹ̀sùn àbẹ̀tẹ́lẹ̀. Ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ka ìwé ẹ̀rí kan náà, wọn kò gbọ́ ẹlẹ́rìí kankan, wọ́n sì dá a lẹ́bi. Lọ́dún 2011, ilé-ẹjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ti Yúróòpù sọ pé ìgbẹ́jọ́ yẹn kò bá ẹ̀tọ́ mu: ẹni tó fẹ́ dá èèyàn lẹ́bi lórí ọ̀rọ̀ ẹnu ẹlẹ́rìí ní láti gbọ́ ẹnu náà fúnra rẹ̀. Nígbà tó di 2017, Ítálì kọ irú ìlànà bẹ́ẹ̀ sínú òfin, fún ìgbà tí agbẹjọ́rò ìjọba bá pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ta ko ìdáláre nítorí ọ̀rọ̀ ẹlẹ́rìí.

Tí adájọ́ bá wá kọ̀ láti pe ẹlẹ́rìí padà ńkọ́? Ìbéèrè tí wọ́n máa bi lókè ni bóyá kíkọ̀ náà pa olùjẹ́jọ́ lára. Tó bá pa á lára, wọ́n lè ní kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́. Nítorí náà, kí lọ́yà sọ ìbéèrè tó fẹ́ bi ẹlẹ́rìí àti ohun tó gbé e wá ketekete, kó wọ inú àkọsílẹ̀, torí ohun tí wọn kò bá rí kà níbẹ̀, wọn ò lè gbé ìdájọ́ kà á.