Wákàtí Àkọ́kọ́ Ló Ń Ba Síláìdì Jẹ́

(Ọ̀rọ̀ tí mo bá àwọn nọ́ọ̀sì, akẹ́kọ̀ọ́ àti ẹbí aláìsàn sọ ní Ìbàdàn. Mo tún un kà kí n tó gbé e síta. Mo yọ ikọ́ àti “ẹ gbọ́ mi” kúrò. Àwàdà ibẹ̀, mo fi sílẹ̀.)

Ẹ kú ìjókòó o. Alága, ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin nọ́ọ̀sì tí ẹ ti ibi iṣẹ́ alẹ́ wá tí oorun ṣì wà lójú yín, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ tí wọ́n fi máàkì dẹ́rù bà kí ẹ tó wá, ẹ káàbọ̀.

Wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé ìpè pé n ó sọ bí a ṣe ń ṣètò ẹran ara kí a tó wò ó lábẹ́ máíkíróskóòpù. Ìpele márùn-ún ni: a ó fíìsì rẹ̀, ìyẹn ni pé a ó rì í sínú fọ́málíìnì, kẹ́míkà tí kì í jẹ́ kó rà, a ó fa omi inú rẹ̀ kí a tó rì í sínú ìda, a ó gé e tẹ́ẹ́rẹ́ sórí gíláàsì tí à ń pè ní síláìdì, a ó pa á láró, a ó wá wò ó. Mo pín àkókò mi dọ́gba dọ́gba sórí wọn. Àwọn tó mọ̀ mí ti ń rẹ́rìn-ín lẹ́yìn níbẹ̀ yẹn, torí wọ́n mọ̀ pé ìpele kìíní la máa wà tí alága á fi bẹ̀rẹ̀ sí í wo aago.

Bí dókítà bá gé kókó kan kúrò lára èèyàn, ẹ̀jẹ̀ ò dé ibẹ̀ mọ́, ṣùgbọ́n àwọn sẹ́ẹ̀lì inú rẹ̀ ò tíì gbọ́. Wọ́n ṣì ń jẹ ìyókù tó wà nísàlẹ̀ ìkòkò. Nígbà tí atẹ́gùn bá wá tán, àwọn àpò kéékèèké tí sẹ́ẹ̀lì fi ń lọ oúnjẹ á bẹ́, èyí tó yẹ kó máa lọ oúnjẹ á bẹ̀rẹ̀ sí í lọ ilé tó ń gbé. Kòkòrò kankan ò tíì dé ibẹ̀ o. Ẹran náà ló ń jẹ ara rẹ̀. Kòkòrò á kàn wá bá a jẹ ìyókù ni. Awọ ara máa ń ní sùúrù díẹ̀. Ìfun ò ní sùúrù rárá, torí omi tó ń lọ oúnjẹ ló kún inú rẹ̀ tẹ́lẹ̀.

Ẹni tó bá ti ra ẹja tútù ní Bódìjà láago méjìlá ọ̀sán, tó wá há sínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ títí di aago mẹ́rin, mọ ohun tí mò ń wí. Tẹ́ ẹ bá délé, ẹ lè gbé e sí fíríìsà. Yóò dì. Àmọ́ ẹja aago mẹ́rin ló dì yẹn, kì í ṣe ẹja aago méjìlá. (Ẹ fi ẹja yìí sọ́kàn. Ó padà wá bá mi kí ọ̀rọ̀ tó parí.)

Fọ́málíìnì ló ń dá aago náà dúró. Ọdún 1893 ni ará Jámánì kan, Ferdinand Blum, ní Frankfurt, ń dán an wò bóyá ó lè pa kòkòrò àìsàn. Ó ṣàkíyèsí pé awọ ìka ọwọ́ òun ń le, bí ẹran tó ti pẹ́ nínú ọtí líle. Ẹlòmíràn á fi òrí pa ọwọ́, á bá tiẹ̀ lọ. Blum ní bó bá lè mú awọ mi le báyìí, ẹ jẹ́ kí n ki ẹran bọ̀ ọ́. Láti ọjọ́ yẹn títí dòní, ohun tó ń ṣe kò yí padà: ó ń de purotéènì kan mọ́ èkejì kí wọ́n má bàa lè kúrò níbi tí wọ́n wà.

Èyí tí a ń lò ní láàbù, a máa ń pè é ní 10%. Irọ́ tí gbogbo wa fẹnu kò sí ni. Èyí tó ti inú ìgò wá fúnra rẹ̀ kì í ju nǹkan bí 40% gáàsì formaldehyde lọ. A wá bu ìdá kan rẹ̀ sínú omi ìdá mẹ́sàn-án, ó wá ku nǹkan bí 4%. A tún gbọ́dọ̀ fi iyọ̀ tó ń pa kíkan rẹ̀ sí i. Tẹ́ ẹ bá fo iyọ̀ yẹn, fọ́málíìnì á kan, á bá ẹ̀jẹ̀ inú ẹran jà, á fi àbàwọ́n dúdú bíi kọfí síbẹ̀. Àbàwọ́n yìí jọ èyí tí kòkòrò ibà máa ń fi sílẹ̀ nínú ẹ̀dọ̀. Nílẹ̀ tí ibà ti pọ̀ tó tiwa yìí, ẹ bá mi ka iye akẹ́kọ̀ọ́ tó ti fẹ̀sùn ibà kan òkú tí ò mọwọ́ tí ò mẹsẹ̀.

Ibi tí ẹjọ́ mi wà gan-an ni mo dé yìí. Fọ́málíìnì kì í sáré. Nǹkan bíi mìlímítà kan ló ń wọ inú ẹran ní wákàtí kan, bó bá sì ṣe ń jìn sí i ló ń falẹ̀ sí i. Wọ́n á gé odindi ọmú, wọ́n á sọ ọ́ sínú ike láìlà á, wọ́n á ní àwọn ti fíìsì rẹ̀. Ìta rẹ̀ á le bíi pákó. Inú lọ́hùn-ún, níbi tí kókó wà, á máa rà títí di ọjọ́ kejì. Ìwọ̀n fọ́málíìnì tó yẹ, ó kéré tán, ìlọ́po mẹ́wàá ẹran ni. Èyí tí mo máa ń rí ni ẹran tó kún ike dẹ́nu, tí fọ́málíìnì kàn ń rin ín létí bí ọbẹ̀ ilé ahun.

Ẹ má sọ pé kí ló wá burú níbẹ̀, ṣé wọn ò ní rí jẹjẹrẹ náà ni. Wọ́n á rí i. Jẹjẹrẹ kì í sábà sá pamọ́. Ṣùgbọ́n ìdánwò mìíràn ń bẹ tí a ń ṣe lórí jẹjẹrẹ ọmú, láti mọ̀ bóyá sẹ́ẹ̀lì rẹ̀ ní ibi tí ẹ́sítírójìn, họ́mónù obìnrin, ń so mọ́. Tó bá ní, oògùn oníhóró wà, tamoxifen, tí obìnrin náà lè máa lò nílé rẹ̀ fún ọdún márùn-ún tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Purotéènì ni ohun tí ìdánwò yìí ń wá. Purotéènì wà lára ohun tí ẹran ń jẹ nígbà tó bá ń jẹ ara rẹ̀. Ẹran pẹ́ kó tó dé inú fọ́málíìnì, purotéènì dínkù, ìdánwò ní “kò sí”, dókítà ò kọ oògùn. Kò sẹ́ni tó ṣẹ̀ lójú ìwé. Ìdí nìyí tí àwọn ẹgbẹ́ dókítà jẹjẹrẹ àti ti patọ́lọ́jì (àwọn tó ń yẹ ẹran ara wò) ní Amẹ́ríkà fi sọ pé láti ìgbà tí ọ̀bẹ bá ti gé e, kó má ju wákàtí kan lọ kó tó wọ fọ́málíìnì, kó sì wà níbẹ̀ fún wákàtí 6 ó kéré tán, kó má kọjá 72.

Mo ní àwọn ọ̀rẹ́ kan tó jẹ́ pé ẹ̀rọ tuntun ni wọ́n fi ń kí ara wọn lówùúrọ̀. Ẹ jẹ́ ká ra ẹ̀rọ tó ń pa síláìdì láró fúnra rẹ̀, ẹ jẹ́ ká ra èyí tó ń ya fọ́tò rẹ̀ sórí kọ̀ǹpútà. Mi ò bá ẹ̀rọ jà. Àmọ́ iye tí wọ́n fẹ́ fi ra ẹyọ kan, á ra fọ́málíìnì àti ike ẹlẹ́nu gbẹ̀gẹ̀dẹ̀ fún gbogbo yàrá iṣẹ́ abẹ ìpínlẹ̀ yìí, owó á sì tún ṣẹ́kù tí a ó fi jẹ ìrẹsì. Ẹ̀rọ tó ya fọ́tò ẹran jíjẹrà dáadáa, ẹran jíjẹrà náà ló yà.

Ìtàn Bennet Omalu, dókítà ọmọ Nàìjíríà tó rí àìsàn ọpọlọ lára àwọn tó ń gbá American football, ẹ ti mọ̀ ọ́n. N ò ní tún un sọ. Ẹ kàn rántí pé nígbà tó gbé ọpọlọ Mike Webster, ọ̀kan lára àwọn agbábọ́ọ̀lù náà tó kú, lọ́wọ́ ní Pittsburgh lọ́dún 2002, kò sí nǹkan kan lára rẹ̀ tí ojú lásán rí. Ó ní kí wọ́n fíìsì rẹ̀. Fọ́málíìnì yẹn ló jẹ́ kí a gbọ́ ìyókù ìtàn.

Èyí tó wù mí jù ni ti ọmọ ogun Amẹ́ríkà kan, ọmọ ọdún 21, tí àjàkálẹ̀ ọ̀fìnkìn pa ní South Carolina ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1918. Ẹnì kan gé ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ díẹ̀, ó fi sí fọ́málíìnì, ó rì í sínú ìda, wọ́n sì gbé e sórí pẹpẹ. Nígbà yẹn, kò tíì sí ẹni tó fojú rí fáírọ́ọ̀sì ọ̀fìnkìn rí. Ní 1997, Jeffery Taubenberger àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ yọ díẹ̀ lára ìda yẹn, wọ́n sì ka díẹ̀ lára lẹ́tà àbùdá (jíìnì) fáírọ́ọ̀sì náà jáde nínú rẹ̀. N ò mọ orúkọ ẹni tó fíìsì ẹ̀dọ̀fóró yẹn. Òun ni mo máa ń kí ní tèmi.

Alága ti kan tábìlì. Ẹ jẹ́ ká sáré.

Ìda ò bá omi rẹ́, ẹran sì kún fún omi. Nítorí náà, a ó gbé ẹran gba inú ọtí tó ń le sí i díẹ̀díẹ̀ kọjá títí omi á fi tán, a ó fi kẹ́míkà kan, xylene, lé ọtí jáde, a ó wá gbé e sínú ìda tó gbóná tó nǹkan bí 60 lórí ìwọ̀n Celsius. Ẹ̀rọ ló ń ṣe é mọ́jú. Níbi kan tí mo ti ṣiṣẹ́ rí, iná lọ láago méjì òru, apẹ̀rẹ̀ ẹ̀rọ náà so rọ̀ láàárín ọtí àti xylene di àárọ̀. Ẹran èèyàn mọ́kànlá ló gbẹ bíi pọ̀nmọ́ gbígbẹ. Èmi ni mo wà lẹ́nu iṣẹ́. Èmi ni n ò lọ wo jẹnẹrétọ̀. N ò tíì gbàgbé mọ́kànlá yẹn.

Gígé: a ó gbé búlọ́ọ̀kù ìda sórí yìnyín kó le, a ó gbé e sójú abẹ. Máíkírọ́ọ̀nù mẹ́rin ni a ń gé e. Ẹyọ irun kan nípọn jù ú lọ ní ìlọ́po mẹ́wàá ó kéré tán. Ó máa ń jáde ní tẹ̀léra-tẹ̀léra bíi rìbọ́ǹnù. A ó fi búrọ́ọ̀ṣì gbé e sójú omi lílọ́wọ́ọ́wọ́, ìhunjọ rẹ̀ á tú fúnra rẹ̀, bí ìgbà tí aṣọ bá tẹ́ sójú odò. Ẹ má mí sí i o. Ẹni tó bá sín níbẹ̀, òun ló máa gé òmíràn.

Aró: ẹ̀yin ọmọ alaró Abẹ́òkúta àti Òṣogbo, ìmọ̀ ìyá yín nìyí. Aṣọ tó ti inú ìkòkò ẹ̀lú jáde kì í dúdú lójú ẹsẹ̀. Bí aláwọ̀ ewé ló ń rí, afẹ́fẹ́ ló ń sọ ọ́ di aró. Hematoxylin, aró àkọ́kọ́ tí a fi ń pa ẹran, náà ńkọ́, igi Campeche ní Mẹ́síkò ni wọ́n ti ń sè é, kò sì lè pa nǹkan kan láró àfi bí afẹ́fẹ́ tàbí kẹ́míkà bá kọ́kọ́ gbó o. Álọ́ọ̀mù ló ń bá a di ẹran mú. Kóró àárín sẹ́ẹ̀lì á kọ́kọ́ pọ́n bí osùn, ẹ ó wá gbé e sábẹ́ omi ẹ̀rọ, á sì di aró lójú yín. Bí omi ibẹ̀ bá kan díẹ̀, a ó kán amóníà sí i. Ìyá alaró á bu omi eérú. Aró kejì, eosin, á wá pa ìyókù ní pupa fẹ́ẹ́rẹ́. Eos ni àwọn Gíríìkì ń pe àfẹ̀mọ́júmọ́, ibẹ̀ ni orúkọ rẹ̀ ti wá.

Mo fẹ́ wọ ìpele karùn-ún, bí a ṣe ń wo síláìdì gan-an, nígbà tí obìnrin kan nawọ́ láti ẹ̀yìn. Alága ní kó dúró de àkókò ìbéèrè. Mo ní kí wọ́n jẹ́ kó sọ ọ́.

Ó ní, “Ẹ jọ̀ọ́ mà, màmá mi ni wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ ọmú fún. Inú ike áísìkiriìmù ni wọ́n kó o sí fún mi, wọ́n ní kí n gbé e lọ sí láàbù. Ọjọ́ Jímọ̀ ni. Láàbù ti tì kí n tó débẹ̀. Mo gbé e sí fíríìsà di Mọ́ńdè. Wọ́n ní tamoxifen ò ní ṣiṣẹ́ fún wọn. Ẹja tẹ́ ẹ fi ṣàwàdà lẹ́ẹ̀kan, ṣé ohun tí mo ṣe nìyẹn?”

Gbọ̀ngàn pa rọ́rọ́. Mo ti ń fi ẹja yẹn pa èèyàn lẹ́rìn-ín láti bí ọdún mélòó kan.

Mo ní, “Àǹtí mi, ẹ ò ṣe nǹkan kan. Ẹni tó kó o fún yín láìda fọ́málíìnì sí i ló ṣe é.” Mo ṣàlàyé pé fíríìsà ilé máa ń falẹ̀ kó tó dì, omi inú sẹ́ẹ̀lì á di yìnyín onígun tó ń gún ara sẹ́ẹ̀lì lu, nítorí náà ihò ni a ó bá nínú síláìdì. Mo wá kọjú sí àwọn nọ́ọ̀sì: ike ẹlẹ́nu gbẹ̀gẹ̀dẹ̀ ni kí ẹ lò, torí ẹran tó rọ̀ wọlé máa ń le kó tó jáde, a ti fọ́ ìgò rí ká tó rí ẹran yọ. Ara ike ni kí ẹ kọ orúkọ sí, ẹ má kọ ọ́ sórí ìdérí, torí ìdérí máa ń pààrọ̀ ike. Ẹ kọ aago tí wọ́n gé e síbẹ̀. Bí ẹbí bá máa gbé e, kó jẹ́ pé ó ti wà nínú fọ́málíìnì kó tó kúrò lọ́wọ́ yín.

Ó tún béèrè pé ṣé kò sí ọ̀nà mọ́. Mo bi í bóyá wọ́n fi abẹ́rẹ́ gba díẹ̀ níbẹ̀ kí wọ́n tó ṣe iṣẹ́ abẹ. Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, oṣù kan ṣáájú, nọ́ọ̀sì sì dà á sínú ìgò kékeré kan lójú òun, omi inú rẹ̀ ń ta lójú.

Mo ní, “Fọ́málíìnì nìyẹn. Ẹran tẹ́ẹ́rẹ́ bíi ti abẹ́rẹ́, kì í pẹ́ tó fi ń wọ̀ ọ́. Búlọ́ọ̀kù ìda rẹ̀ á ṣì wà níbẹ̀. A kì í tètè dà á nù. Ẹ lọ béèrè nọ́ńbà rẹ̀. Ẹ sọ fún dókítà màmá pé kí wọ́n tún ìdánwò ẹ́sítírójìn ṣe lórí búlọ́ọ̀kù abẹ́rẹ́, kì í ṣe lórí ti iṣẹ́ abẹ.”

Alága ti dìde láti dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Obìnrin náà ṣì ń wá bíírò nínú báàgì rẹ̀. Nọ́ọ̀sì tó jókòó tì í ló yọ tirẹ̀ fún un.