Ìlà mẹ́ta lára ògiri: Mireya Luis nídìí fọ́líbọ́ọ̀lù

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ọmọbìnrin tí ẹ ń gbá fọ́líbọ́ọ̀lù, àti ẹ̀yin òbí tí ẹ sìn wọ́n wá. Kí ẹ tó wọlé ni mo ti fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà mẹ́ta sára ògiri ẹ̀yìn mi yìí. Ti ìsàlẹ̀ wà ní mítà 1.75. Ibi tí orí Mireya Luis, ọmọ Kúbà tó gbá fọ́líbọ́ọ̀lù, dé nìyẹn tó bá nàró. Ti àárín, mítà 2.24, ni etí òkè nẹ́ẹ̀tì àwọn obìnrin. Ti òkè pátápátá ni mo gun àga kí ọwọ́ mi tó tó o: mítà 3.39. Ibẹ̀ ni ọwọ́ rẹ̀ ń dé tó bá fò láti lu bọ́ọ̀lù mọ́lẹ̀. Àlàfo tó wà láàárín ìlà ìsàlẹ̀ àti ti òkè yẹn ni mo wá sọ.

Camagüey ní Kúbà ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 25 oṣù Kẹjọ ọdún 1967. Ní 1983, kò tíì ju ọmọ ọdún 16 lọ tó fi wọ ikọ̀ orílẹ̀-èdè rẹ̀. Abẹ́ olóògbé Eugenio George ló bọ́ sí, akọ́nimọ̀ọ́gbá tó mọ̀ pé kì í ṣe gíga nìkan là ń wò lára ọmọ. Fífò ni wọ́n fi kọ́ ọ, lójoojúmọ́.

Ibi tó dùn mí jù nìyí. Ní 1984, Kúbà kọ̀ láti lọ sí Òlíḿpíìkì Los Angeles. Ní 1988, wọ́n tún kọ ti Seoul. Àwọn ìjọba ló ń bára wọn fà á, àwọn eléré ìdárayá ló jókòó sílé. Ọdún mẹ́rin-mẹ́rin ni Òlíḿpíìkì ń wáyé, ẹsẹ̀ tó ń fò kì í sì í dúró de ẹnikẹ́ni.

Láàárín méjèèjì, ní 1986, Mireya bí ọmọbìnrin kan. Ọjọ́ 14 péré lẹ́yìn ìgbà tó sọ̀ kalẹ̀, ó ti padà sẹ́nu ìgbáradì, ó sì bá wọn lọ sí ìdíje àgbáyé ní Czechoslovakia, níbi tí Kúbà ti ṣe ipò kejì. Ẹ jọ̀ọ́, n kò sọ èyí kí ìyá ọmọ tuntun kan lè lọ ṣe bẹ́ẹ̀. Ikọ̀ ló yẹ kó dúró dè é.

Nígbà tí góòlù Òlíḿpíìkì àkọ́kọ́ máa fi dé ní Barcelona, 1992, ó ti kù díẹ̀ kó pé ọmọ ọdún 25. Lẹ́yìn ìyẹn, kò sẹ́ni tó lè dá wọn dúró: ìdíje àgbáyé 1994 àti 1998, Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé 1995 àti 1999. Ní Atlanta, 1996, òun ni balógun wọn. Brazil ni wọ́n bá pàdé kí wọ́n tó dé àṣekágbá, sẹ́ẹ̀tì (ìpele eré; ẹni tó bá kọ́kọ́ gba mẹ́ta ló borí) márààrún ni wọ́n gbá, inú sì bí àwọn Brazil débi pé ìjà bẹ́ sílẹ̀ lẹ́yìn ìdíje. Kúbà wá na Ṣáínà, wọ́n gba góòlù kejì.

Ẹ jẹ́ kí n yà díẹ̀. Méjì nínú àwọn tí wọ́n jọ gbá a ń jẹ́ Regla: Regla Torres àti Regla Bell. Regla ni ìlú tó wà lódìkejì omi ní Havana, Màríà tí wọ́n ń bọlá fún ní ṣọ́ọ̀ṣì ibẹ̀ sì ni àwọn Lukumí, ìran Yorùbá ní Kúbà, ọmọ ìyá wa, ń pè ní Yemọja. Nígbà tí mo kọ́kọ́ mọ̀, ara mi bù máṣọ.

Ní Sydney, ọdún 2000, Mireya ti pé ọmọ ọdún 33. Kì í ṣe òun ni wọ́n gbára lé mọ́, ọ̀pọ̀ ìgbà ló jókòó sórí bẹ́ǹṣì. Rọ́ṣíà gba sẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ ní àṣekágbá, 27 sí 25. Wọ́n gba ìkejì, 34 sí 32. Kúbà dìde: 25 sí 19, 25 sí 18, 15 sí 7. Góòlù kẹta nìyẹn, ọdún 17 lẹ́yìn tó kọ́kọ́ wọ aṣọ Kúbà.