Ọmọ Ọdún 16 Tó Fi Bàtà Lé Àwọn Tíṣà Jáde

Ẹ̀yin èèyàn mi, ta ló gbógun ti ìyàsọ́tọ̀ dúdú àti funfun nílé ìwé Amẹ́ríkà? Mo mọ̀, Brown lẹ fẹ́ pè, ẹjọ́ tí kóòtù tó ga jù ní Amẹ́ríkà fi fòfin de ìyàsọ́tọ̀ yẹn. Ẹ fi Brown sílẹ̀ ná, ẹ bá mi ká lọ sí Farmville, ní Virginia, lọ́dún 1951.

Ilé ìwé gírámà Moton, tàwọn ọmọ aláwọ̀ dúdú. Ọmọ 180 ni wọ́n kọ́ ọ fún, àwọn tó ń lò ó ti lé ní 450. Kí nìjọba ṣe? Wọ́n fi pákó àti bébà ọ̀dà kan ahéré sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, àfi bí ilé adìẹ. Òjò dé, omi ń kán sílẹ̀. Ẹni tó jókòó ti sítóòfù ń làágùn. Ẹni tó jìnnà sí i wọ kóòtù, ó ṣì ń gbọ̀n. Èmi náà ti jókòó rí ní kíláàsì tá a ti ń gbé báàkẹ́ẹ̀tì sábẹ́ òrùlé, àmọ́ ti òtútù yẹn? Rárá o.

Barbara Johns, akẹ́kọ̀ọ́ ọmọ ọdún 16 níbẹ̀, ní ó tó gẹ́ẹ́. Ní ọjọ́ 23, oṣù kẹrin, òun àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ fi fóònù tan ọ̀gá ilé ìwé jáde pé àwọn ọmọ ẹ̀ ti kó sí wàhálà nígboro. Kíá, ìwé pélébé ti dé kíláàsì: kí gbogbo yín bọ́ sí gbọ̀ngàn. Aṣọ ìkélé ṣí, Barbara ló dúró síbẹ̀! Ó ní káwọn tíṣà jáde. Ó bọ́ bàtà ẹsẹ̀ ẹ̀, ó fi lu bẹ́ǹṣì, gbà! gbà! Bí àwọn ọmọ ṣe bẹ̀rẹ̀ ìyanṣẹ́lódì nìyẹn.

Ibi tẹ́ ẹ máa ń ṣì í rè é. ILÉ ÌWÉ TUNTUN NI WỌ́N KỌ́KỌ́ BÈÈRÈ. Kì í ṣe pé kí wọ́n bá òyìnbó jókòó! Àwọn lọ́yà NAACP, ẹgbẹ́ tó ń jà fẹ́tọ̀ọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú, Oliver Hill àti Spottswood Robinson, ló ní àwọn ò ṣe ẹjọ́ ilé mọ́, àfi tí wọ́n bá máa pe ìyàsọ́tọ̀ fúnra ẹ̀ lẹ́jọ́. Wọ́n gbà. Ẹ gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan sí i: ilé ìwé tuntun ni wọ́n kọ́kọ́ bèèrè!

Orúkọ Barbara wá dà nínú ẹjọ́ náà? Ẹ ṣáà mọ̀ bó ṣe ń rí lóde ìyàwó: ẹni tó jí láago mẹ́rin dáná, orúkọ ẹ̀ kì í sí nínú káàdì. Ọmọ 117 ló pẹjọ́, Davis ló wà lókè ìwé. Nígbà tó dé kóòtù tó ga jù, wọ́n pa á pọ̀ mọ́ mẹ́rin míì, Brown ti Kansas ló bọ́ síwájú. Bẹ́ẹ̀, nínú ẹjọ́ márààrún, èyí nìkan làwọn ọmọ ilé ìwé fi ìyanṣẹ́lódì bẹ̀rẹ̀.

Ẹ̀rù ba àwọn òbí Barbara, wọ́n fi í ránṣẹ́ sí arákùnrin bàbá ẹ̀, Pásítọ̀ Vernon Johns, ní Alabama. Ó di aláàbójútó láíbìrì ní Philadelphia, ó sì kú ní 1991. Ní 2020, Virginia yọ ère Ọ̀gágun Lee, tó jagun fáwọn ìpínlẹ̀ tó fẹ́ máa kó ẹrú, kúrò ní Capitol, ilé aṣòfin Amẹ́ríkà. Barbara ni wọ́n yàn sípò ẹ̀.