Ta Ló Gbọ́ Ẹjọ́ Rẹ̀ Kó Tó Di Pé Ó Ṣe É?

Ọ̀rọ̀ tí mo bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́, àwọn òbí àti àwọn àgbà àdúgbò sọ ní gbọ̀ngàn kan ní Òkè-Fìà, Òṣogbo, ni mo kọ sílẹ̀ yìí nítorí àwọn tí kò ráyè wá. Mo fi ìbéèrè tí wọ́n bi mí lẹ́yìn rẹ̀ kún un.

Ẹ̀yin àgbà tó wà níjòkòó, mo júbà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ kú ìkàlẹ̀.

Kò sí ẹni tó dàgbà ní Òṣogbo tí kò gbọ́ orúkọ Dúró Ládipọ̀ rí. Ìlú yìí ló ti dá Mbárí Mbáyọ̀, ẹgbẹ́ àwọn oníṣẹ́ ọnà, sílẹ̀ ní 1962, ibí náà ló sì ti kọ́kọ́ gbé eré rẹ̀, Ọba Kò So, jáde ní 1963, kí wọ́n tó gbé e dé Berlin lọ́dún tó tẹ̀ lé e. Àwọn tó rí i nígbà náà ṣì ń sọ̀rọ̀ ìlù àti ẹ̀wù rẹ̀. Ìrìn ẹsẹ̀ Ṣàngó nínú eré náà, láti orí ìtẹ́ dé Kòso níbi tó ti gba ẹ̀mí ara rẹ̀, ni èmi fẹ́ ká jọ wò lónìí.

Ẹ rántí bí ìtàn náà ṣe lọ. Ọba ní jagunjagun méjì, Tìmì àti Gbọ̀nkáà, agbára wọn sì ń kó o láyà sókè. Ó rán Tìmì lọ sí Ẹdẹ, Ẹdẹ tiwa yìí tí mọ́tò ń ná láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, pẹ̀lú èrò pé kò ní padà wá dà á láàmú mọ́. Tìmì débẹ̀, ó gbilẹ̀. Ọba tún rán Gbọ̀nkáà sí i, kí ọ̀kan lè pa èkejì. Gbọ̀nkáà mú Tìmì wálé láàyè. Ọba ní kí wọ́n tún jà lójú òun. Gbọ̀nkáà pa Tìmì, ó wá yíjú sí ọba pé kó fi ìlú sílẹ̀. Inú Ṣàngó ru. Iná tó yẹ kó fi ṣẹ́gun ọ̀tá ló fi jó àwọn ènìyàn tirẹ̀. Nígbà tí ojú rẹ̀ máa wálẹ̀, òkú ló rí. Àwọn èèyàn ń fà sẹ́yìn lọ́kọ̀ọ̀kan, Ọya pàápàá lọ.

Ọwọ́ tó gbé sókè sí ìlú náà ló padà gbé sókè sí ara rẹ̀, àkókò tó wà láàárín méjèèjì kò sì gùn. Àwọn àgbà ní ìbínú kò mọ̀ pé olúwa òun kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tó ń jẹ mí lọ́kàn wà ṣáájú ìbínú yẹn. Láti ìbẹ̀rẹ̀ eré náà, ẹ̀rù ń ba ọba. Ta ló sọ fún? Ẹni tí gbogbo ìlú ń gbé ẹjọ́ tọ̀ wá, ta ni òun ń gbé tirẹ̀ tọ̀? Ó fi ẹ̀rù rẹ̀ ṣe ọgbọ́n àrékérekè, ọgbọ́n náà já mọ́ ọn lọ́wọ́, ó di ìbínú, ìbínú di ìjákulẹ̀.

Mo mọ̀ pé ẹlòmíràn nínú yín ti ń sọ ọ́ sínú pé ikú yá ju ẹ̀sín. Ẹ jẹ́ ká yẹ òwe yẹn wò dáadáa, nítorí ó ti gbé ọ̀pọ̀ èèyàn lọ. Nígbà tí Ọ̀yọ́ Ilé ṣì wà, bí Ọ̀yọ́ Mèsì, àwọn ìjòyè afọbajẹ, bá kọ ọba, wọn kì í yọ ọ́ kó máa gbé abúlé. Igbá òfìfo ni wọ́n ń gbé ránṣẹ́ sí i, ó sì mọ ohun tó kàn. Bí wọ́n ṣe ṣe fún Aláàfin Aólẹ̀ nìyẹn ní ìparí ọ̀rúndún kejìdínlógún. Samuel Johnson òpìtàn kọ ọ́ pé kí Aólẹ̀ tó kú, ó ta ọfà síhìn-ín sọ́hùn-ún, ó fi àwo amọ̀ lu ilẹ̀ tó fi fọ́, ó sì gégùn-ún. Ó ní igbá tó fọ́ ṣeé so, àwo tó fọ́ kò ṣeé so. Ẹ kíyè sí i pé ọba náà kò lọ ní ìrọ̀rùn ọkàn bí òwe yẹn ṣe ń fẹ́ ká gbà. Ẹ̀dùn ọkàn tí kò rẹ́ni gbọ́ ọ ló sọ di èpè lé gbogbo ìlú lórí. Èmi rò pé àwọn tó ń gbé igbá ránṣẹ́ ló ń jàǹfààní òwe náà jù. Yorùbá kan náà ló ní bí a bá pẹ́ láyé, a ó jẹ ẹran tó tó erin, òun ni mo máa ń rán àwọn ọmọ mi létí.

Ọdún mọ́kàndínlógún ni mo fi ṣe ògbufọ̀ ní kóòtù. Olùjẹ́jọ́ á sọ ọ́ ní Yorùbá, èmi á gbé e fún adájọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì. "Ojú mi ṣú." "N kò mọ ìgbà tí mo gbé e." "Bí ẹni pé ẹlòmíràn ló di ọwọ́ mi mú." Àwọn ọ̀rọ̀ wọ̀nyí kò ṣeé gbé láti èdè kan sí èkejì láìjẹ́ pé nǹkan jò sílẹ̀ lójú ọ̀nà. Ohun tí òfin sì ń wá nínú wọn kò ju àkókò lọ. Abala 318 nínú ìwé òfin ìwà ọ̀daràn wa sọ pé ẹni tó bá pànìyàn nínú gbígbóná ìbínú òjijì, lórí ìmúnibínú tó tó bẹ́ẹ̀, kí ara rẹ̀ tó tutù, ẹ̀sùn tirẹ̀ kì í ṣe ti apànìyàn tí ikú tọ́ sí. Òfin tó lójú àánú ni, n kò bá a jà. Ṣùgbọ́n mo ti jókòó níbi tí lọ́yà méjì ti fi gbogbo àárọ̀ jiyàn lórí bí ọ̀nà ṣe jìn tó láti ìdí kànga dé ilé ìdáná, kí wọ́n lè mọ̀ bóyá ara ọkùnrin náà ì bá ti tutù kó tó débẹ̀. Kò sí ẹni tó bi í pé ẹ̀ẹ̀melòó ló ti lọ fẹjọ́ sùn ṣáájú ọjọ́ náà.

Ẹlòmíràn wà tí mi ò lè gbàgbé. Kẹ̀kẹ́ Márúwá ló ń wà. Wọ́n gbé e wá lábẹ́ abala 327, èyí tó ní ẹni tó bá gbìyànjú láti gba ẹ̀mí ara rẹ̀ lè ṣẹ̀wọ̀n ọdún kan. Ọjọ́ mélòó kan péré ni wọ́n dá a sílẹ̀ ní ilé ìwòsàn. Ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì sódì, sílípáàsì ẹsẹ̀ rẹ̀ kì í ṣe ẹgbẹ́ ara wọn, aláwọ̀ ewé kan, aláwọ̀ omi aró kan. Mo ka ẹ̀sùn sí i létí. Ó wò mí, ó ní, "Bàbá, ṣé ẹ fẹ́ gbọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀ ni, àbí kí n kàn dáhùn?" Ìlànà kóòtù kò fún mi láyè. Mo ní kó dáhùn. Ó ní òun jẹ̀bi. Mo yíjú sí adájọ́, mo fi ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan ṣoṣo sọ ọ́, mo sì jókòó.

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo yẹn ṣì ń dùn mí dòní.

Nígbà tí wọ́n wá gbà á láyè láti sọ̀rọ̀ nìkan la tó mọ̀. Kẹ̀kẹ́ náà kù díẹ̀ kó san án tán nígbà tí ẹni tó ni ín gbà á padà. Ibi mẹ́rin ló ti gbé ẹjọ́ lọ láàárín ọjọ́ méjì, kò sì sí ọ̀kan tí wọ́n ti ní kó jókòó. Adájọ́ fi í lé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ́wọ́, kò rán an lẹ́wọ̀n. Ṣùgbọ́n ẹ wò ó: ilé ẹjọ́ ni ibi karùn-ún tó dé, ọlọ́pàá ló sì mú un wá síbẹ̀ bí ọ̀daràn. Ìpínlẹ̀ Èkó ti yí òfin tiwọn padà ní 2011, kí adájọ́ lè ní kí wọ́n gbé irú ẹni bẹ́ẹ̀ lọ ilé ìwòsàn. Ó yẹ kó rí bẹ́ẹ̀ níbi gbogbo.

Nígbà tí ìròyìn Mohamed Bouazizi kàn wá ní ìparí 2010, ọkùnrin yẹn ni mo rí. Ọmọ ọdún 26 ni Bouazizi, èso ló ń tà lórí kẹ̀kẹ́ ẹrù ní ìlú Sidi Bouzid ní Tunisia. Ní ọjọ́ 17 oṣù Kejìlá, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba gba òṣùwọ̀n rẹ̀. Ó lọ sí ọ́fíìsì gómìnà kí wọ́n lè gbọ́ tẹnu rẹ̀, wọn kò dá a lóhùn. Iwájú ọ́fíìsì yẹn ló ti fi iná sí ara rẹ̀. Ó kú ní ọjọ́ 4 oṣù Kìíní 2011, nígbà tó sì fi máa di ọjọ́ 14, Ààrẹ Ben Ali ti sá kúrò nílùú. Àwọn kan ń pe èyí ní ìṣẹ́gun. Èmi kò lè pè é bẹ́ẹ̀. Ọkùnrin náà kò béèrè pé kí ìjọba ṣubú. Òṣùwọ̀n rẹ̀ ló wá gbà.

Nínú Things Fall Apart, ìwé Chinua Achebe tó jáde ní 1958, lẹ́yìn tí Okonkwo ti bẹ́ orí ìránṣẹ́ òyìnbó, ohùn tó gbọ́ láàárín èrò ni pé kí ló dé tó fi ṣe é. Lẹ́yìn ìgbà tí àdá ti balẹ̀ ni wọ́n tó béèrè.

Ẹnìkan lè ní, ẹni tó bá ti pinnu, kí ló kù tí etí ẹlòmíràn lè ṣe? Èrò tó ń pani nìyẹn. Ní San Francisco, olùwádìí kan, Richard Seiden, tọpa àwọn 515 tó fẹ́ bẹ́ sómi láti orí afárá Golden Gate, àmọ́ tí àwọn èèyàn fà wọ́n sẹ́yìn, láàárín 1937 sí 1971. Nígbà tó gbé àbájáde rẹ̀ jáde ní 1978, nǹkan bí 94 nínú 100 wọn ṣì wà láàyè tàbí kí wọ́n ti kú ikú àtọ̀runwá. Wọn kò lọ wá ibòmíràn. Ní Sri Lanka, ìjọba fòfin de àwọn oògùn apakòkòrò tó lágbára jù, láàárín 1995 sí 2015 iye àwọn tó ń gba ẹ̀mí ara wọn sì fi nǹkan bí 70 nínú 100 dín kù. Àgbẹ̀ wọn kò dẹ́kun bínú, gbèsè wọn kò tán. Ohun tó wà nítòsí ọwọ́ nígbà tí ojú ṣú ló yí padà. Ìgbì ni, á dé, á sì padà.

Bàbá kan dìde láti ẹ̀yìn, ó ní, "Ọ̀rẹ́ mi, ti Ọ̀yọ́ wá ńkọ́?" Mo mọ ohun tó ń sọ. Ọba Ṣíyanbọ́lá Ládìgbòlù wàjà ní oṣù Kejìlá 1944. Ó yẹ kí Olókùn Ẹṣin, ìjòyè tó ń bójú tó ẹṣin ọba, bá ọba lọ gẹ́gẹ́ bí àṣà, ajẹ́lẹ̀ òyìnbó dá a dúró, ọmọ rẹ̀ sì kú dípò rẹ̀. Dúró Ládipọ̀ náà gbé ìtàn yìí sórí ìtàgé nínú Ọba Wàjà. Mo gbà pé ìyẹn kì í ṣe ìwàǹwára. Ojúṣe ni wọ́n kà á sí, ọjọ́ rẹ̀ sì ti pé lójú wọn. N kò fẹ́ ká da á pọ̀ mọ́ ti oníkẹ̀kẹ́. Ṣùgbọ́n ajẹ́lẹ̀ náà rò pé tí òun bá ti di ọwọ́ mú, ó parí. Kò jókòó ti ìdílé náà láti gbọ́ ohun tí àṣẹ rẹ̀ máa dá sílẹ̀ nínú ilé. Ọwọ́ bàbá ló rí, kò rí ọmọ.

Ìbéèrè tó kẹ́yìn wá láti ẹnu ìyá kan tó ń tajà ní Ọjà Ọba. Ó rọra sọ ọ́, a ní láti gbé makirofóònù sún mọ́ ọn. Ó ní ọmọ òun ọkùnrin pàdánù iṣẹ́ láti bí oṣù mélòó kan, kì í bá ẹnikẹ́ni jẹun mọ́, ó sì ti ń pín aṣọ rẹ̀ fún àwọn àbúrò. "Kí ni kí n bi í? Ẹ̀rù ń bà mí kí n má fi sí i lọ́kàn."

Mo ní, "Ìyá wa, ẹ bi í gan-an pé ṣé ó ń ronú láti kú. Bíbéèrè kì í fi èrò náà síni lọ́kàn. Bó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹ má bá a jiyàn, ẹ má sì tíì gbàdúrà lé e lórí. Ẹ jẹ́ kó sọ ọ́ tán. Ẹ kó oògùn eku àti ti kòkòrò kúrò nílé, ẹ má fi òun nìkan sílẹ̀, ẹ jọ lọ rí dókítà lónìí."

A kò tíì ṣe àdúrà ìparí tó ti ń di gèlè rẹ̀. Ọmọbìnrin kan tó jókòó tì í gbé àpò rẹ̀ fún un, ó sì bá a jáde. Láti ojú fèrèsé, mo rí àwọn méjèèjì tí wọ́n ń dá ọ̀kadà dúró.