Ilẹ̀ ló ń tutù, kì í ṣe òkè

Ẹ kú alẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Èmi nìkan ni mo wà nídìí máìkì lónìí, ọ̀rọ̀ kan ló wà nínú mi tí mi ò tíì rí ẹni bá sọ.

Ẹ mọ̀ pé sìkiọ́rítì alẹ́ ni mò ń ṣe ní Holborn, ní London níbí. Ẹ̀gbẹ́ Lincoln's Inn Fields ni mo máa ń gbà lọ síbi iṣẹ́, páàkì ńlá kan tí ọ́fíìsì àwọn lọ́yà yí ká. Láwọn ọdún 1980 sí nǹkan, inú ibẹ̀ gan-an làwọn tí ò nílé ń sùn, wọ́n pa àgọ́ síbẹ̀, àfìgbà tó di 1993 tí wọ́n lé wọn jáde tí wọ́n sì fi irin yí páàkì ká. Tílẹ̀ bá ti ń ṣú báyìí, wọ́n á ti géètì. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ irin yẹn náà ni mọ́tò tó ń pín oúnjẹ ọ̀fẹ́ ń wá lálẹ́, àwọn tí ò nílé á sì tò síbẹ̀ lọ rẹrẹẹrẹ.

Oṣù mẹ́rin ni mo fi ń kọjá lára wọn tí mi ò kí ẹnì kankan, ó ń dùn mí títí di ìsinsìnyí. Àfi lálẹ́ ọjọ́ tí mò ń bá màmá mi sọ̀rọ̀ lórí fóònù, tí bàbá kan lára àwọn tó tò síbẹ̀ ní, "Ẹ bá mi kí wọn o."

Mo dúró gbagidi.

Bàbá yẹn ló jẹ́ kí n mọ̀ pé iṣẹ́ gidi ni kéèyàn máa sùn níta. Aago márùn-ún ìdájí ni wọ́n ń jí, kí àwọn tó ń fọ ìta tó dé, gbogbo ẹrù wọn ni wọ́n á gbé kiri torí tí wọ́n bá fi sílẹ̀, kí wọ́n tó padà wọ́n á ti kó o dànù, láíbìrì ni wọ́n ti ń ṣáájì fóònù, tí fóònù bá kú ẹni tó fẹ́ pè wọ́n síṣẹ́ ò ní rí wọn. Wọ́n bọ́ bàtà hàn mí: ìbọ̀sẹ̀ méjì, náílọ̀n búrẹ́dì láàárín ẹ̀. "Ilẹ̀ ló ń tutù, kì í ṣe òkè." Wọ́n ní páálí méjì nísàlẹ̀ dáa ju bùláńkẹ́ẹ̀tì mẹ́ta lórí lọ.

Iṣẹ́ ló bọ́, owó ilé ò wá, físà wọn sì sọ pé kò sí owó ìrànlọ́wọ́ ìjọba fún wọn. Ọ̀rọ̀ yẹn kan náà wà lórí físà tèmi.

Àwọn ọmọ wọn nílé ò mọ̀, wọ́n rò pé bàbá wà níbi iṣẹ́.

Màmá mi pè lánàá. "Bàbá tó kí mi lọ́jọ́sí ńkọ́, ṣé dáadáa ni wọ́n wà?" Mo ní dáadáa ni, mà.