Owó, ẹ̀yà àti ìjà ìpín: láti Sábó Ìbàdàn dé Yugoslavia

Ẹ jẹ́ ká ti Sábó bẹ̀rẹ̀. Láti 1916 tí àwọn Hausa ti ní àdúgbò tiwọn n'Ìbàdàn, òwò méjì ló gbé ibẹ̀ ró: obì gbànja tó ń gòkè Ọya, àti màlúù tó ń ti ibẹ̀ bọ̀.

Bí òwò màlúù ṣe ń rìn nígbà yẹn nìyí. Ẹni tó kó màlúù dé kò mọ alápatà kankan. Ilé onílé kan ní Sábó, mai gida, ló ń wọ̀ sí. Mai gida fún un níbùsùn àti oúnjẹ, alágbàtà rẹ̀ bá a ta ẹran. Àwìn ni alápatà Yorùbá sì ń rà: á pa á, á tà á tán, kó tó sanwó lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Bí alápatà bá sá lọ, ọrùn mai gida ni gbèsè náà wà. Kò sí báńkì níbẹ̀, kò sí lọ́yà. Èdè kan náà ni mai gida àti àlejò rẹ̀ ń sọ, wọ́n jọ ń kírun, ẹni tó bá sì jalè ní Sábó, orúkọ rẹ̀ á ti bàjẹ́ dé Kánò kó tó délé.

Ẹ̀yà níbí, onídùúró ni. Hausa tó bá di Yorùbá pátápátá ti sọ ohun tó fi ń jẹun nù. Mo gbà pé ohun tó mú ìyàtọ̀ yẹn pẹ́ títí nìyẹn ju ìkórìíra lọ, torí alápatà ò lè ṣe láìsí mai gida, mai gida náà ò sì lè ṣe láìsí alápatà.

Àpò ìjọba yàtọ̀. Níbẹ̀, ohun tó wọ ọwọ́ tèmi ti bọ́ lọ́wọ́ tìẹ. Lẹ́yìn ìgbìmọ̀ Chick ti 1953, tó gbé ọ̀nà tí wọ́n á máa gbà pín owó Nàìjíríà yẹ̀wò, púpọ̀ nínú owó tó bá ti ẹkùn kan jáde ń padà síbẹ̀. Kòkó ló ń pawó nígbà yẹn, àwa Ìwọ̀ Oòrùn sì fi gbogbo ẹnu sọ pé bẹ́ẹ̀ ló tọ́. A bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní oṣù kìíní ọdún 1955. Nígbà tí epo rọ̀bì gbapò kòkó, ìdá 50 nínú 100 tí òfin ìgbà òmìnira ní kó máa padà sí ẹkùn tí owó náà ti jáde wálẹ̀ wálẹ̀, títí òfin 1999 fi sọ pé kó má ṣáà dín ní 13. Ohun tí a béèrè fún kòkó wa, a kò jà fún un bẹ́ẹ̀ fún àwọn ará Niger Delta. Ó yẹ ká sọ ọ́ láàárín ara wa. Iye orí náà wà lára ohun tí wọ́n fi ń pín owó, ìyẹn sì wà lára ìdí tí ìkànìyàn 1962 fi dàrú, tí wọ́n fi tún un kà ní 1963.

Ní Yugoslavia, orílẹ̀-èdè kan ní Yúróòpù tó ti fọ́ sí wẹ́wẹ́ báyìí, àpò ìrànwọ́ kan bẹ̀rẹ̀ ní 1965: àwọn ẹkùn tó lówó, bíi Slovenia, ń dá sí i fún àwọn tálákà bíi Kosovo. Slovenia ní wọ́n ń fa òun lẹ́jẹ̀, Kosovo ní ohun tó kan òun kò tó. Olúkúlùkù gbà pé wọ́n rẹ́ òun jẹ. Nígbà tó fi máa di ìparí 1989, Serbia, ẹkùn mìíràn níbẹ̀, ti kọ ọjà Slovenia. Ní oṣù kìíní 1991, àṣírí tú pé Serbia ti bu owó ìjọba àpapọ̀ láìgbàṣẹ. Nígbà tó di ọjọ́ 25, oṣù kẹfà, Slovenia àti Croatia kéde pé àwọn ti lọ.

Àwa náà rí irú kíkọ ọjà yẹn. Nínú oṣù kejì 2021, ìjà bẹ́ sílẹ̀ láàárín Yorùbá àti Hausa lọ́jà Sásá n'Ìbàdàn, ẹ̀mí lọ, dúkìá jóná. Kò pẹ́ tí àwọn oníṣòwò òkè Ọya fi dá oúnjẹ dúró. Tòmátò ń jẹrà lọ́wọ́ ẹni tó gbìn ín, ata sì gbówó lórí n'Ìbàdàn. Kò tó ọ̀sẹ̀ méjì tí ọkọ̀ fi tún gbéra, torí tọ̀tún-tòsì ló ń jẹ gbèsè. Àmọ́ ìjà owó epo ti lé ní àádọ́ta ọdún, torí ẹni tó ń pín in kì í pàdánù ohunkóhun bí ó bá pẹ́.

Ibi tí mo rò pé ó yẹ ká ti bẹ̀rẹ̀ ni ìwé ọmọ ìbílẹ̀. Ọmọ tí bàbá àti bàbá bàbá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Sábó, tó ń sọ Yorùbá Ìbàdàn ketekete, ìlú bàbá ńlá ni fọ́ọ̀mù ìjọba ìbílẹ̀ á bi í, ibẹ̀ sì ni ẹ̀bùn owó ẹ̀kọ́ àti iṣẹ́ ìjọba ti ń dúró dè é. Kí fọ́ọ̀mù yẹn máa béèrè iye ọdún tí ènìyàn ti gbé níbẹ̀, àti rìsíìtì owó-orí.